KoboToolbox fún àkọsílẹ̀ ilé àtijọ́: ohun tó mọ̀ ọ́n ṣe, àti ibi tó kù sí

Ní ọjọ́ 11 oṣù Kẹsàn-án ọdún 2016 ni wọ́n wó Ilojo Bar ní Tinúbú, l'Ékòó. Nǹkan bí ọdún 1855 ni wọ́n kọ́ ilé náà, ìjọba sì ti kà á mọ́ àwọn ohun ìrántí orílẹ̀-èdè láti 1956. Ilé tí òfin dáàbò bò nìyẹn o. Àwọn pẹ̀tẹ́ẹ̀sì Àgùdà (àwọn tó padà wá láti Brazil) tó kù ní Campos, Bámgbóṣé àti Kakawa ńkọ́, tí púpọ̀ nínú wọn kò ní ju ẹbí tó ń gbé inú wọn lọ? Àkọsílẹ̀ kò lè dá katapílà dúró. Ṣùgbọ́n bí ilé bá ti lọ, òun ló máa jẹ́ ká mọ ibi tó dúró sí gan-an, bó ṣe gùn tó, ohun tí wọ́n fi kọ́ ọ, àti ẹnu ẹni tí ìtàn rẹ̀ ti jáde. Iṣẹ́ yìí la fi ṣe òṣùwọ̀n KoboToolbox, irinṣẹ́ tí wọ́n fi ń kó ìdáhùn àti fọ́tò jọ lórí fóònù, níbí.

Bí ọ̀pọ̀ èèyàn ṣe ń ṣe é báyìí ni pé wọ́n á ya fọ́tò, wọ́n á jù ú sórí WhatsApp, ó parí. WhatsApp máa ń dín fọ́tò kù, ó sì máa ń yọ ọjọ́ àti ibi tí wọ́n ti yà á kúrò nínú fáìlì. Bí ọdún méjì bá fi kọjá, fọ́tò fèrèsé rẹpẹtẹ ló máa wà nínú fóònù, kò sì sẹ́ni tó máa mọ èyí tó jẹ́ ti Bámgbóṣé àti èyí tó jẹ́ ti Kakawa. (Bó bá di dandan kí ẹ fi WhatsApp ránṣẹ́, ẹ fi ránṣẹ́ bíi document, kì í ṣe bíi fọ́tò.)

KoboToolbox kì í ṣe irinṣẹ́ àwọn onímọ̀ ìtàn láti ìpilẹ̀ṣẹ̀. Àwọn olùwádìí Harvard Humanitarian Initiative ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ fún àwọn tó ń ṣèrànwọ́ níbi ogun àti àjálù, níbi tí iná àti nẹ́tíwọ́ọ̀kì kò ti ṣeé gbẹ́kẹ̀ lé. Ìdí nìyẹn tó fi bá ipò tiwa mu. Apá méjì ló ní. Ọ̀kan ni ojú-ewé orí íntánẹ́ẹ̀tì, níbi tí ẹ ó ti to ìbéèrè yín, tí àkọsílẹ̀ á sì máa kó jọ sí. Èkejì ni KoboCollect, áàpù orí Android tí ẹ ó gbé dé ẹnu ọ̀nà onílé. Ẹ wa fọ́ọ̀mù sórí fóònù nígbà tí dátà wà. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ lè ṣiṣẹ́ láti àárọ̀ ṣúlẹ̀ láìsí nẹ́tíwọ́ọ̀kì rárá, kí ẹ wá fi gbogbo rẹ̀ ránṣẹ́ bí ẹ bá délé. Ọ̀fẹ́ ni fún iṣẹ́ kékeré, àmọ́ àyè ìpamọ́ ọ̀fẹ́ náà ní ìwọ̀n, ibẹ̀ sì ni wàhálà rẹ̀ tó tóbi jù wà. A ó débẹ̀.

Fọ́ọ̀mù ni gbogbo iṣẹ́

Ẹ lè to ìbéèrè lójú-ewé Kobo fúnra rẹ̀, ṣùgbọ́n XLSForm ló dára jù: fáìlì Excel tó ní abala mẹ́ta, survey, choices àti settings. Ó rọrùn láti tún ṣe, ó sì ṣeé fún ẹgbẹ́ mìíràn lò ní ìlú mìíràn. Fún ilé Àgùdà kan, ìbéèrè bí ọgbọ̀n tó. Bó bá jù bẹ́ẹ̀ lọ, onílé á bẹ̀rẹ̀ sí í wo aago, ẹni tó ń béèrè náà á sì bẹ̀rẹ̀ sí í fo ìbéèrè.

Nọ́ńbà ilé ló máa ṣáájú, bíi PA-001, nítorí òun ni gbogbo fọ́tò, ohùn àti ìwé mìíràn máa rọ̀ mọ́. Orúkọ ilé wá gbọ́dọ̀ jẹ́ ìbéèrè mẹ́ta: orúkọ tí ẹbí ń pè é, orúkọ tí àdúgbò ń pè é, àti ìdí tí wọ́n fi ń pè é bẹ́ẹ̀. Ẹ wo Water House ní Kakawa, ilé João Esan da Rocha. Kànga inú ọgbà rẹ̀, níbi tí wọ́n ti ń ta omi fún ará Èkó, ló sọ ọ́ lórúkọ. Ẹni tó bá ya iwájú ilé nìkan, kànga ò sí nínú fọ́tò rẹ̀, bẹ́ẹ̀ kànga ni ìtàn ibẹ̀.

Ọdún tí wọ́n kọ́ ilé náà, ẹ pín in sí méjì: ọdún fúnra rẹ̀, àti ibi tí a ti rí i. Ṣé ó wà lára ògiri? Ṣé inú ìwé ilẹ̀ ni? Ṣé ẹbí ló sọ ọ́, àbí àwa la fojú díwọ̀n rẹ̀? Àìsí ìbéèrè kejì yìí ti ba ọ̀pọ̀ àkọsílẹ̀ jẹ́. Ọdún ṣíṣí Mọ́ṣáláṣí Shitta-Bey, ìyẹn 1894, ìwé wà fún un. "Nǹkan bí 1894" tí àgbàlagbà kan rántí nípa ilé baba rẹ̀ kò wọ̀n tó ìyẹn, ṣùgbọ́n bí méjèèjì bá ti wọ Excel, wọ́n á jọ ara wọn ṣáká. Nínú abala survey, ẹ tún fi ààlà sí òpó (column) constraint, bíi `. >= 1840 and . <= 2030`, kí ẹni tó bá tẹ 1089 dípò 1889 má lè kọjá.

Ipò ilé ni apá tí fọ́ọ̀mù àwọn ẹgbẹ́ púpọ̀ ti ń kùnà. Wọ́n á béèrè pé "Báwo ni ilé náà ṣe rí?", kí wọ́n wá fi "ó dára", "ó ń bàjẹ́", "ó ti bàjẹ́" sílẹ̀ fún yíyàn. Èèyàn méjì ò ní dáhùn bákan náà. Ẹ béèrè apá kọ̀ọ̀kan lọ́tọ̀: páànù òrùlé, ògiri, igi àjà àti àtẹ̀gùn, iṣẹ́ ọnà etí fèrèsé. Ìdí ni pé ìbàjẹ́ ilé amọ̀ ní ìtẹ̀léra tirẹ̀. Páànù á kọ́kọ́ lu, omi á wọ orí ògiri, amọ̀ á rọ̀, ògiri á sán láti igun fèrèsé wálẹ̀, orí àwọn igi tó wọnú ògiri á sì bẹ̀rẹ̀ sí í jẹrà. Ẹni tó bá ri pé páànù lu ṣùgbọ́n ògiri kò tíì sán, ó mọ̀ pé ilé yẹn ṣì ṣeé gbà là pẹ̀lú owó díẹ̀. "Ó ń bàjẹ́" kò lè sọ ìyẹn fún un.

Ìbéèrè kan tó yẹ kó wà níbẹ̀ dandan: ṣé wọ́n ti fi sìmẹ́ńtì rẹ́ ògiri amọ̀? Ọ̀pọ̀ onílé rò pé àtúnṣe ni. Amọ̀ ń mí, omi ń wọ inú rẹ̀ ó sì ń jáde. Sìmẹ́ńtì dí ọ̀nà àbájáde náà, omi á kó jọ sẹ́yìn rẹ̀, lẹ́yìn ọdún díẹ̀ sìmẹ́ńtì á ṣí kúrò gbàǹgbà, á sì fa iṣẹ́ ọnà àtijọ́ tó wà lára ògiri dání. Nínú ìdáhùn gbogbo irú ìbéèrè báyìí, ẹ fi "a kò lè sọ" kún un. Bí kò bá sí níbẹ̀, èèyàn á máa méfò.

Ẹ béèrè ohun tó ń halẹ̀ mọ́ ilé náà pẹ̀lú: ẹbí ló ń gbé inú rẹ̀ àbí ayálégbé, ẹjọ́ wà lórí rẹ̀ ní kóòtù, wọ́n ti fẹ́ tà á, àmì X pupa ti wà lára ògiri. Ìdáhùn yìí lẹ ó fi mọ ilé tó yẹ kí ẹ padà lọ wọ̀n dáadáa ní kíákíá.

Fọ́tò àti àyè ìpamọ́

Ìbéèrè image kan, fọ́tò kan ni ó ń gbà. Ẹni tí kò bá mọ̀ yìí á kọ "Ya fọ́tò ilé" lẹ́ẹ̀kan, fọ́tò kan ṣoṣo náà ló sì máa rí. Ẹ to ìbéèrè fọ́tò lẹ́sẹẹsẹ: iwájú, ẹ̀yìn, ẹ̀gbẹ́ méjèèjì, igun iwájú méjèèjì, ẹnu ọ̀nà, fèrèsé kan láti iwájú tààrà, ọ̀dẹ̀dẹ̀ àárín láti ẹnu ọ̀nà títí dé ẹ̀yìn ilé, àtẹ̀gùn, àjà, àti ibì kan tí ògiri ti ṣí tí a lè rí ohun tó wà nínú rẹ̀. Àwọn yàrá tó kù, ẹ fi wọ́n sínú repeat, tí ẹ ó fi lè ṣí àyè tuntun fún yàrá kọ̀ọ̀kan. Fọ́tò fèrèsé àti ẹnu ọ̀nà gbọ́dọ̀ ní ọ̀pá mítà kan nínú, tí ẹ kùn ní pupa àti funfun ní sẹ̀ǹtímítà 20-20. Láìsí ọ̀pá yìí, kò sẹ́ni tó lè fi fọ́tò náà ya ilé tàbí gbẹ́ fèrèsé tuntun tó bá ti àtijọ́ mu. Kobo kò ní ohun ìwọ̀n kankan nínú, nítorí náà téépù mítà 30 pọn dandan: gígùn iwájú, fífẹ̀ ilé, gíga láti ilẹ̀ dé àjà, nínípọn ògiri lẹ́nu fèrèsé. Ẹ fi wọ́n sí ìbéèrè decimal (èyí tó ń gba nọ́ńbà bíi 3.25), kí ẹ sì kọ "mítà" sínú ìbéèrè gan-an, torí ẹlòmíràn á kọ ọ́ ní ẹsẹ̀ bàtà.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò àyè wàyí. Fọ́tò kámẹ́rà mẹ́gàpíkísẹ̀lì 12 sábà máa ń gba MB 3 sí 5. Fọ́tò 25 fún ilé kan ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tó MB 100, ilé mẹ́wàá ti di GB kan. Bí iṣẹ́ bá ṣe ń gbòòrò, àyè ọ̀fẹ́ á tán kí àdúgbò kan tó parí. Ohun tó ń ṣiṣẹ́ ni pé kí ẹ kọ `max-pixels=2048` sí òpó parameters. Fọ́tò á wálẹ̀ sí nǹkan bí MB kan tàbí kéré sí i, ó sì ṣì mọ́lẹ̀ tó láti fi rí ibi tó sán. Àwọn fọ́tò ńlá, ẹ fi kámẹ́rà fóònù yà wọ́n lọ́tọ̀, kí ẹ kó wọn sí fódà tó ń jẹ́ PA-001 lórí hard disk. Iṣẹ́ méjì ni, bẹ́ẹ̀ ni, ó sì ń su èèyàn. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá gbé ohun gbogbo sórí server Kobo á bẹ̀rẹ̀ sí í pa fọ́tò rẹ́ láàárín iṣẹ́ kó lè ráyè, a sì ti mọ irú fọ́tò tí wọ́n máa ń kọ́kọ́ pa rẹ́: ti ẹ̀yìn ilé, èyí tí ẹlòmíràn kò ní.

GPS láàárín ilé tó fara tira

Ìbéèrè geopoint, tó ń fi GPS gba ojú ibì kan, lè gba ibi tí ẹ wà fúnra rẹ̀ bí àṣìṣe rẹ̀ bá ti wálẹ̀ sí mítà 5. Ní oko, kò burú. Ní Pópó Àgùdà, mítà 5 ti gbé yín wọ ilé aládùúgbò, àwọn ilé gíga tó yí ibẹ̀ ká sì tún ń da àmì sátẹ́láìtì padà, tí fóònù á fi rò pé òun wà ní òdìkejì títì. Ẹ kọ placement-map sí òpó appearance. Àwòrán ilẹ̀ á jáde, ẹ ó sì fi ìka gbé àmì sórí òrùlé ilé náà gan-an. Àwòrán ilẹ̀ yẹn ń fẹ́ dátà. Bí dátà kò bá ní sí, ẹ ti kó fáìlì MBTiles (àwòrán ilẹ̀ tí kò nílò dátà) sórí fóònù láti ilé.

Fún ohun tó gùn, bíi Eredo Sungbo ní ilẹ̀ Ìjẹ̀bú tó ju 160 kìlómítà lọ, geotrace, tó ń so ojú ibi púpọ̀ pọ̀ di ìlà, ni kí ẹ lò, kì í ṣe geopoint. Lábẹ́ igbó dídí àti nínú yàrà tó jìn, àmì máa ń lọ ó máa ń bọ̀: ẹ dúró lójú kan títí àṣìṣe á fi rọlẹ̀ kí ẹ tó gba àmì kọ̀ọ̀kan, bí bẹ́ẹ̀ kọ́ ìlà náà á rí wọ́gọwọ̀gọ.

Ohùn, àmì ohùn, àti ọ̀rọ̀ ẹbí

Gbígba ohùn sílẹ̀ wà lára ohun tí Kobo ṣe dáadáa jù. Ìbéèrè audio ní ìpele mẹ́ta tó yẹ ká mọ̀: voice-only ń gba bí MB 5 fún wákàtí kan, low bí 15, normal bí 30. Fún ìdáhùn kúkúrú, voice-only tó. Bí ìyá àgbà bá fẹ́ ki oríkì ẹbí, ẹ jọ̀wọ́, normal ni. Voice-only máa ń gé ohùn kù, ìlù kì í sì í jáde dáadáa nínú rẹ̀.

Fọ́ọ̀mù lédè Yorùbá ń ṣiṣẹ́ ju bí èèyàn ṣe máa rò lọ. `label::Yorùbá (yo)` sórí òpó kan, `label::English (en)` sórí èkejì, ẹni tó ń lo fóònù á yan èyí tó wù ú. Ṣùgbọ́n òpó name, tí kọ̀ǹpútà ń lò, ẹ kọ ọ́ láìsí àmì àti láìsí àlàfo: `odun_kiko`. Ẹ má sì fi orúkọ àdúgbò tàbí ojú pópó sílẹ̀ fún títẹ̀. "Bámgbóṣé" tí kíbọ́ọ̀dù kan tẹ̀ lè máà jẹ́ ohun kan náà pẹ̀lú tí òmíràn lójú kọ̀ǹpútà, torí ọ̀kan so lẹ́tà pọ̀ mọ́ àmì, èkejì kọ wọ́n lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Ojú wa ò rí ìyàtọ̀, Excel rí i. Bí ẹ bá wá ọ̀kan, èkejì ò ní jáde. select_one, níbi tí èèyàn ti ń yan ọ̀kan nínú ìdáhùn tí ẹ ti tò sílẹ̀, ló yanjú rẹ̀. Bí ẹ bá sì fẹ́ kó àkọsílẹ̀ jáde, XLS ni kí ẹ gbà. CSV tí ẹ bá fi Excel ṣí tààrà sábà máa ń sọ ọ̀ àti ẹ̀ di wúruwùru, àwọn yàrá tí ẹ fi sínú repeat kò sì ní bá a wá. Nínú XLS, wọ́n á wà ní abala tiwọn, `_parent_index` ló so yàrá mọ́ ilé rẹ̀.

Ọ̀rọ̀ ẹbí kò sí nínú ìwé ìlò Kobo, àmọ́ láìsí i, fọ́ọ̀mù ò ní kọjá ìbéèrè kejì. Èrò àkọ́kọ́ tó ń wá sọ́kàn onílé ni pé ẹ wá wo ilé láti tà á, tàbí pé ìjọba ló rán yín. Ẹ kọ́kọ́ rí olórí ẹbí, ẹ kí i bó ṣe yẹ, ẹ gbé lẹ́tà lọ́wọ́, kí fóònù ṣì wà nínú àpò. Ìgbà tó bá yọ̀ǹda ni kí ẹ tó ṣí áàpù. Ẹ fi ìbéèrè ìyọ̀ǹda méjì sí ìbẹ̀rẹ̀ fọ́ọ̀mù: ṣé a lè kọ ọ́ sílẹ̀? Ṣé a lè fi í han gbogbo ayé? Ìdáhùn méjèèjì kì í sábà jọra. Níbi ojúbọ àti igbó orò, ẹ lè kọ orúkọ àti ìtàn sílẹ̀ kí ẹ má gba GPS rárá. Òpó `relevant` ló máa fi ìbéèrè yẹn pamọ́ bí wọ́n bá dáhùn pé rárá.

Bí iṣẹ́ ṣe ń sọnù

KoboCollect ń kó fọ́tò sínú àyè tirẹ̀ lórí fóònù. Ẹni tó bá yọ áàpù náà kúrò, tàbí tó tẹ Clear data nítorí pé fóònù kún, gbogbo ohun tí kò tíì fi ránṣẹ́ ti bá a lọ. Kò ṣeé wá padà. Fọ́ọ̀mù tó wà ní Drafts náà kì í lọ, àfi èyí tí ẹ bá ti finalize (tí ẹ ti tẹ̀ pé ó parí), nítorí náà ẹ wo Drafts lálaalẹ́. Ẹ pa Delete after send títí ẹ ó fi kó ZIP fọ́tò jáde láti orí server tí ẹ sì ti ṣí i wò. Aago fóònù náà ṣe pàtàkì: orí rẹ̀ ni Kobo ti ń mú start (ìgbà tí ẹ ṣí fọ́ọ̀mù) àti today (ọjọ́ òní), fóònù tó bá sì wà ní ọdún tó kọjá á sọ pé ilé tí wọ́n ti wó ṣì dúró.

Kobo kò sì mọ ìbẹ̀wò ẹlẹ́ẹ̀kejì dáadáa. Ilé kan, fọ́ọ̀mù kan, ló kọ́kọ́ ní lọ́kàn. Ọ̀nà wà láti so iṣẹ́ méjì pọ̀ kí èyí tuntun máa ka ti àtijọ́, ṣùgbọ́n ó le fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀. Fọ́ọ̀mù kejì tó kúrú, pẹ̀lú nọ́ńbà ilé, ọjọ́, fọ́tò iwájú àti "ó ṣì wà / wọ́n ti tún un kọ́ / wọ́n ti wó o", tó fún ọ̀pọ̀ iṣẹ́.

Lékè gbogbo rẹ̀, agbọ̀n ìkórè ni Kobo, kì í ṣe àká. Bí ìkórè bá ti parí, ẹ kó XLS, ZIP fọ́tò àti XLSForm fúnra rẹ̀ jáde, ẹ ṣe ẹ̀dà mẹ́ta sórí oríṣi ohun ìpamọ́ méjì, kí ọ̀kan wà ní ìlú mìíràn. Èyí tí ẹbí bá gbà kí ayé rí, ẹ gbé fọ́tò rẹ̀ sí Wikimedia Commons lábẹ́ ìwé àṣẹ ìlò CC BY-SA 4.0, kí nọ́ńbà ilé wà nínú orúkọ fáìlì; ẹ fi ilé náà sórí OpenStreetMap, àwòrán ilẹ̀ tí gbogbo èèyàn lè tún ṣe, pẹ̀lú àmì `historic`, bí wọ́n bá sì wó o lọ́jọ́ iwájú, ẹ má pa á rẹ́, ẹ yí i sí `demolished:building=yes`.

Ta ló yẹ kó lò ó?

Ẹgbẹ́ kékeré tí fóònù Android mẹ́ta sí mẹ́wàá wà lọ́wọ́ rẹ̀, tí ó ní ẹnì kan tó lè jókòó ti Excel fún ọjọ́ bíi mélòó kan: kò sí ohun ọ̀fẹ́ mìíràn tí a lè gbà á nímọ̀ràn ṣáájú rẹ̀. Google Forms kò ní GPS, ó sì ń fẹ́ kí olùdáhùn wọlé pẹ̀lú àkáǹtì kó tó lè gbé fọ́tò sí i. Bí iPhone ló pọ̀ nínú ẹgbẹ́ yín, ẹ wo Epicollect5, áàpù ìkójọ mìíràn, torí KoboCollect kò sí lórí iPhone. Fọ́ọ̀mù orí browser ti Kobo ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, àmọ́ ẹni tó bá nu browser rẹ̀ ti nu iṣẹ́ rẹ̀. Ilé iṣẹ́ ìjọba tàbí yunifásítì tó fẹ́ tọ́jú ẹgbẹẹgbẹ̀rún ilé fún ọ̀pọ̀ ọdún, Arches, ètò kọ̀ǹpútà fún àkọsílẹ̀ ohun àtijọ́ tí Getty Conservation Institute àti World Monuments Fund ṣe, ló bá a mu jù, bó bá lè san owó ẹni tó ń bójú tó server. Bó bá sì jẹ́ ilé bàbá yín kan ṣoṣo lẹ fẹ́ kọ sílẹ̀, ẹ fi Kobo sílẹ̀: téépù, ìwé, ọ̀pá mítà kan àti kámẹ́rà fóònù tí ẹ tan location rẹ̀ ti tó.